Eegun Irọ́ Lórí Òpó Constant Ann

Ẹni tó bá fẹ́ mọ irú ènìyàn tí Keziah Stonehouse jẹ́, kó kọ́kọ́ mọ̀ pé ní Whitby, ìlú èbúté kan nílẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, eegun kì í purọ́. Bí ọkọ̀ tó lọ pa àbùùbùtán lókun yìnyín bá ń padà bọ̀, tí kò sí ẹni tó kú nínú àwọn atukọ̀ rẹ̀, wọn a so eegun àgbọ̀n ẹja náà mọ́ orí òpó ọkọ̀, kí àwọn ìyàwó tó ń ṣọ́nà lórí òkè lè rí i látòkèèrè. Bí ẹnì kan bá kú, òpó a wà lófìfo, oníkálùkù a sì máa gbàdúrà kó má jẹ́ ọkọ tòun.

Eegun ni iṣẹ́ Keziah. Lágbàlá tí wọ́n ti ń se ọ̀rá ẹja létí odò, ibẹ̀ ló ti ń fi ọ̀bẹ ha eegun ẹnu àbùùbùtán mọ́, kó tó di ohun tí àwọn aránṣọ ọlọ́lá London lè rà láti fi mú aṣọ obìnrin dúró ṣánṣán. Òórùn ẹja kì í kúrò lára rẹ̀. Ralph ọkọ rẹ̀, tó ń wa ọ̀kan nínú àwọn ọkọ̀ kéékèèké tó wà lára Constant Ann, ọkọ̀ ńlá tó ń lọ pa àbùùbùtán, a máa fi í ṣe yẹ̀yẹ́ pé òun sá fún ẹja lókun, òun tún wá sùn ti ẹja nílé.

Lọ́dún kẹfà ìgbéyàwó wọn, Constant Ann yọ lókèèrè, eegun méjì funfun báláú lórí òpó rẹ̀. Keziah wọ aṣọ àwọ̀lékè pupa, ó gbé búrẹ́dì gbígbóná sínú apẹ̀rẹ̀, ó ń kí gbogbo ẹni tó bá pàdé tẹ̀ríntẹ̀rín títí ó fi dé èbúté. Ọkọ̀ gúnlẹ̀, àwọn ọkùnrin sọ̀ kalẹ̀, kò sí èyí tó lè wo ojú rẹ̀. Ralph ti já bọ́ látorí òpó sínú òkun nígbà tó ku ọjọ́ mẹ́ta kí wọ́n délé. Ojú gbogbo ìlú wá ń bẹ lára aṣọ pupa yẹn.

Keziah bi Matthew Ingledew, ọ̀gá ọkọ̀, léèrè ohun tó fà á tó fi so eegun. Àwọn tó ni ọkọ̀ ti kó àlejò wá wo ọkọ̀ tí kò pàdánù ẹnikẹ́ni láti ọdún márùn-ún, Ingledew kò sì fẹ́ kí ojú ti òun. Kò tilẹ̀ ṣí fìlà.

"Ti òkun yìnyín ni eegun," ó ní. "Kò sẹ́ni tó kú síbẹ̀. Ojú ọ̀nà ilé ni ọkọ tìrẹ kú sí."

Keziah kò sunkún. Inú ló bí i, ó sì fi ìbínú náà pamọ́ bí ẹni fi iyọ̀ pa ẹran mọ́. Láti ọjọ́ náà, ohun kan ṣoṣo ló ń fẹ́ láyé: kí Ingledew, tàbí ẹni tó fẹ́ràn, tọ́ ohun tí òun tọ́ lórí èbúté yẹn wò.

Ó ní ohun ìjà kan. Atukọ̀ Whitby tó bá pàdé obìnrin lójú ọ̀nà láàárọ̀ ọjọ́ tó fẹ́ wọ ọkọ̀, ilé ló ń padà sí, torí àmì ibi ni wọ́n kà á sí. Nítorí náà, lọ́dọọdún, láàárọ̀ tí Constant Ann bá fẹ́ ṣí, Keziah a gbé korobá, a lọ dúró ní ọ̀nà tóóró tó sọ̀ kalẹ̀ sí èbúté. Àwọn kan bẹ̀ ẹ́, àwọn kan bú u.

"Ìyàwó Ralph, ẹ yà fún wa," olórí àwọn atukọ̀ sọ fún un lọ́dún kẹta. "Àwa kọ́ la so eegun."

"Mo mọ̀. Ẹ̀yin lẹ wò wọ́n níran tí wọ́n ń so ó. Omi ni mo wá pọn, ọ̀nà ọba sì ni."

Wọ́n padà sílé. Bẹ́ẹ̀ ni ọkọ̀ ń pẹ́ kó tó ṣí, ẹja a ti lọ kó tó débẹ̀, àgbá òfìfo ló ń rù bọ̀. Ó sú àwọn tó ni ín. Wọ́n sọ ọ́ di ọkọ̀ akẹ́rù: ó ru èédú lọ sí London, ó ru gẹdú bọ̀ láti Riga, nígbà tí ogun Amẹ́ríkà sì bẹ́, ó ru oúnjẹ àwọn ọmọ ogun ọba. Ingledew tó ń yan fanda tẹ́lẹ̀ wá di aru-èédú, eruku dúdú kún èékánná rẹ̀. Ó dùn mọ́ Keziah nínú, àmọ́ kò tó o. Ọkùnrin náà ṣì ń padà sílé bá Thomasin aya rẹ̀.

Nígbà tí ogun parí, wọ́n fọ ọkọ̀ náà, àwọn atukọ̀ gba òdìkejì odò wọ inú rẹ̀ kí wọ́n má bàa pàdé Keziah, ó sì tún forí lé òkun yìnyín.

Lóṣù kẹjọ, Keziah ń sá aṣọ lórí òkè nígbà tó rí ọkọ̀ náà tó ń bọ̀, ọ̀sẹ̀ méjì ṣáájú ìgbà tí wọ́n ń retí rẹ̀. Òpó wà lófìfo. Àsíá rẹ̀ sì dúró sí ìdajì, ohun tí wọn kì í ṣe fún atukọ̀ lásán. Ingledew, ọ̀gá ọkọ̀, ló kú.

Bẹ́ẹ̀ ni Thomasin gun òkè dé, ó ń mí hẹlẹhẹlẹ. Ojú rẹ̀ kò ríran dáadáa mọ́, kò sì sí ẹlòmíì níbẹ̀.

"Keziah, jọ̀ọ́, mi ò ríran dé ọ̀hún. Ṣé eegun wà lórí òpó?"

Obìnrin yìí kò ṣẹ̀ ẹ́ rí, Keziah sì mọ̀ bẹ́ẹ̀. Ó tún mọ̀ pé irú ọjọ́ báyìí kì í wá lẹ́ẹ̀mejì.

"Ó wà níbẹ̀ gbangba, ìyàwó ọ̀gá. Ẹ lọ múra."

Thomasin dì mọ́ ọn, ó sì sáré sọ̀ kalẹ̀. Aṣọ sílíkì ló wọ̀ lọ sí èbúté. Àwọn tó pàdé rẹ̀ lọ́nà rí aṣọ náà, kò sẹ́ni tó láyà láti sọ fún un. Keziah tẹ̀lé e, ó dúró níbi tí yóò ti rí ojú rẹ̀ dáadáa, ó sì wò ó látìbẹ̀rẹ̀ dópin.

Wọ́n ní ẹ̀san kì í yó ni. Irọ́ ni. Keziah yó. Abọ́ ọbẹ̀ méjì ló jẹ nírọ̀lẹ́ ọjọ́ náà, ó sì sùn fọnfọn.

Lọ́jọ́ Àìkú, ó lọ jókòó sáyè rẹ̀ nínú ṣọ́ọ̀ṣì, lórí bẹ́ǹṣì àwọn opó atukọ̀. Àyè kan ṣoṣo ló ṣẹ́ kù níbẹ̀. Thomasin wọlé nínú aṣọ dúdú, ó ń fọwọ́ wá àyè kiri lórí bẹ́ǹṣì, ó sì wá jókòó tì í. Kò bú u, kò bá a jà. Ó kàn ti ìwé Sáàmù sí i lọ́wọ́.

"Máa kà á sí mi létí," ó ní. "Ìwọ lo ní ojú."

Keziah kà á. Ọdún mọ́kànlélógún ló fi kà á, ní gbogbo ọjọ́ Àìkú, títí ọ̀kan nínú wọn fi kú.