Òwú Tí Sájẹ́ǹtì Fi Wọn Ojú Kọ̀ǹpútà

Nígbà tí mo ń tún kọ̀ǹpútà ṣe ní Ajégúnlẹ̀, mo ní òfin kan tí n kì í rú: n kò ní fọwọ́ kan ẹ̀rọ oníbàárà bí ẹni tó ni ín kò bá jókòó tì mí. Mo gbé bẹ́ǹṣì kan sí ẹ̀gbẹ́ tábìlì mi fún un. Kì í ṣe èmi nìkan. Gbogbo àwa tí a ń tún rédíò, tẹlifíṣàn àti fídíò ṣe ládùúgbò la ní bẹ́ǹṣì yẹn, nítorí gbogbo ìlú ló gbà pé bí o bá yíjú sẹ́yìn pẹ́nrẹ́n, oníṣẹ́ á yọ ohun tó dára nínú ẹ̀rọ rẹ, á fi àlòkù dípò rẹ̀. Àwọn kan a máa fi kútẹ́ẹ̀sì pupa sàmì sí inú ẹ̀rọ wọn kí wọ́n tó gbé e wá. N kò bínú sí wọn. Èmi náà kì í fi bàtà mi sílẹ̀ fún ṣúmékà kí n má dúró tì í.

Láàárín àwọn ọdún 1990 là ń wí. Kọ̀ǹpútà àlòkù ti ń gba wọ́ọ̀fù Àpápá wọlé. Àwọn ọ́fíìsì tó wà ní Warehouse Road ló kọ́kọ́ ń rà á, kó tó wá di ohun tí ẹni tó bá rí jájẹ ń gbé sí pálọ̀. Géèmù ni púpọ̀ nínú wọn ń fi í gbá. Géèmù náà ló sì ń gbé wọn wá sọ́dọ̀ mi, torí kì í bá gbogbo ojú kọ̀ǹpútà mu. Àmì tín-ín-tìn-tín ni kọ̀ǹpútà fi ń ya àwòrán, bí ẹni ń to iyanrìn. Géèmù kan á fẹ́ kí àmì náà pọ̀, kó sì wẹ́. Òmíràn á fẹ́ kó mọ níwọ̀n, kó sì tóbi. Bí o bá pàṣẹ fún mọ́nítọ̀, ìyẹn ojú kọ̀ǹpútà, pé kó to ju ohun tí agbára rẹ̀ gbé lọ, àwòrán á fàya, á máa yí gbirigbiri, tàbí kí ojú rẹ̀ ṣú dùdù. Ẹni tí kò mọ̀ á ní mọ́nítọ̀ ti kú. Kò kú. Wọ́n kàn pa á láṣẹ ohun tí kò lè ṣe ni.

Ó yẹ kí n sọ ohun kan kí n tó máa bá ọ̀rọ̀ lọ. Mo ń bẹ̀rù ṣọ́jà. Nígbà tí mo ṣẹ̀ṣẹ̀ dé Èkó, láàárín àwọn ọdún 1980, wọ́n mú mi láàárọ̀ Sátidé ìmọ́tótó kan, nítorí mo wà lójú títì nígbà tó yẹ kí oníkálùkù wà nílé. Oògùn ìyá mi ni mo lọ rà. Wọn kò bi mí. Wọ́n kó èmi àti àwọn mélòó kan lọ sí gáàdìrúùmù, yàrá àtìmọ́lé wọn, ohun tí ojú wa sì rí níbẹ̀, n kò ní kọ ọ́ síhìn-ín. Àwa kan jáde. Láti ìgbà náà, bí mo bá rí kákí lókèèrè, màá sọdá sí òdìkejì títì, bó tiẹ̀ jẹ́ aṣọ ọlọ́dẹ lásán ni.

Nítorí náà, lọ́sàn-án ọjọ́ tí ọkọ̀ ìjàpá funfun kan dúró níwájú ṣọ́ọ̀bù mi, tí ọkùnrin kan tí ìlà mẹ́ta sájẹ́ǹtì wà lápá kákí rẹ̀ sọ̀kalẹ̀, ọkàn mi ti sá lọ kí ẹsẹ̀ mi tó mọ̀. Ó gbé mọ́nítọ̀ sọ̀kalẹ̀ fúnra rẹ̀, ó tún padà lọ gbé ara kọ̀ǹpútà.

"Ìwọ lò ń tún kọ̀ǹpútà ṣe?"

"Èmi ni, sà. Ẹ káàbọ̀, sà."

"Wọ́n ní o mọṣẹ́."

"Ta ló sọ bẹ́ẹ̀, sà?"

Ó wò mí láti òkè délẹ̀. "Kí lo fẹ́ fi ṣe?"

Onítẹlifíṣàn kan wà ní òdìkejì wa tí kò fẹ́ràn mi, kì í sì í fi oníbàárà rere ránṣẹ́ sí mi. Mo wo ọ̀ọ́kán. Ó jókòó síwájú ṣọ́ọ̀bù rẹ̀, ó ń wò wá.

Sájẹ́ǹtì ní géèmù ọkọ̀ òfurufú ni. Ó ní àwọn ọmọ òun ló lọ tẹ nǹkan kan nínú rẹ̀, tí ojú kọ̀ǹpútà fi bẹ̀rẹ̀ sí í fàya. Mo fi bẹ́ǹṣì hàn án.

"Ẹ jókòó, sà. Kò ní pẹ́."

"Mo ní ẹni tí mo fẹ́ rí ní Amùkòkò. Màá dé."

"Ẹ jọ̀ọ́, sà, èmi kì í fọwọ́ kan ẹ̀rọ lẹ́yìn ẹni tó ni ín."

"Ṣé èmi ni màá bá ọ ṣe iṣẹ́ rẹ ni?" Ó wọ ìjàpá rẹ̀, ó lọ.

Ọ̀rọ̀ náà kò yé mi. Ta ni í gbé ẹ̀rọ sílẹ̀ fún àlejò ní Ajégúnlẹ̀, tí kì í ṣe pé ó fẹ́ wá bá ẹ̀sùn níbẹ̀? Mo sáré lọ bá àǹtí onírun tí ṣọ́ọ̀bù rẹ̀ fara ti tèmi.

"Àǹtí, ẹ jọ̀ọ́, ẹ wá bá mi jókòó."

"Kí n wá wo kí ni?"

"Kí ẹ máa wo ọwọ́ mi."

"Ọwọ́ tèmi gan-an, orí oníbàárà ló wà, o ní kí n wá wo tìẹ." Ó yọjú wo ohun tó wà lórí tábìlì mi, ó sì tún wo ojú mi. "See as you dey shake. Kí lo jí?"

"Mi ò tíì jí nǹkan kan."

"Tíì kẹ̀! Ẹ gbà mí o, ó ní òun ò tíì jí i!" Oníbàárà rẹ̀ tó wà lábẹ́ ẹ̀rọ ìgbẹrun bú sẹ́rìn-ín. Síbẹ̀, àǹtí gbé àga rẹ̀ sí ẹnu ọ̀nà, níbi tó ti lè máa wo orí oníbàárà lápá kan, kó máa wo èmi lápá kejì.

Iṣẹ́ náà kò le. Mo tan kọ̀ǹpútà, mo tẹ bọ́tìnnì tó máa ń mú kó jí bí ẹni tí oorun kò tíì dá lójú rẹ̀, tí á fi àmì ńláńlá díẹ̀ ya àwòrán tí mọ́nítọ̀ èyíkéyìí lè gbé. Bí mo ti ríran báyìí, mo wọ ibi tí àṣẹ burúkú náà wà, mo yí i padà sí ìwọ̀n tó mọ. Mo ṣí géèmù. Ó ní àwọ̀ kò tó. Mo fi kún àwọ̀. Ọkọ̀ òfurufú náà wá dúró sójú ọ̀nà rẹ̀, ó mọ́ kedere, kò fàya mọ́.

"Mi ò tú ìdí mọ́nítọ̀ o!" ni mo kígbe.

"Mo gbọ́. Kò tú u. Àmín."

Ohun kan wà tí n kò kà sí. Àwòrán náà kò kún ojú mọ́nítọ̀. Ibi dúdú yí i ká. Ojúmọ́ kò mọ́ tí n kò rí irú rẹ̀. Iná àdúgbò wa kì í wọlé tán lọ́sàn-án. Ilé tó ń fà á ti pọ̀ jù, gílóòbù á máa pọ́n bí ẹyin iná. Bí iná bá ti rẹlẹ̀, àwòrán á sún kì. Bí àǹtí bá tan ẹ̀rọ ìgbẹrun, á tún sún kì sí i. Ó ti mọ́ mi lára tó bẹ́ẹ̀ tí ojú mi kò rí i mọ́.

Sájẹ́ǹtì dé. Kò kí mi. Ó wo ọkọ̀ òfurufú náà, ó fọwọ́ sí àpò àyà, ó yọ òwú dúdú kan tó ta kókó sí lórí méjèèjì. Ó nà án sójú mọ́nítọ̀. Òwú náà gùn ju àwòrán lọ tó ìka méjì.

"Kí nìyí?"

"Òwú ni, sà."

"Ṣé mo pè é ní aṣọ ni? Mo wọn àwòrán yìí nílé, bó tilẹ̀ ń fàya, kí n tó gbé e kúrò. Ibi tí kókó yìí wà ló ń dé. Ibo lèyí tó kù wà?"

Ìgbà náà ni mo rí ibi dúdú tó yí àwòrán ká, bí ìgbà tí ènìyàn rí ejò lábẹ́ ibùsùn.

"Iná ni, sà. Iná wa kò tó."

"Iná wà. Ṣé mo fọ́jú ni? Mọ́nítọ̀ mi tóbi ju èyí lọ. O ti yọ tèmi, o ti fi kékeré sínú ìkarahun rẹ̀."

"Àǹtí, ẹ bá mi pa ẹ̀rọ ìgbẹrun!"

"Orí ẹni ẹlẹ́ni ò tíì gbẹ o!" Ṣùgbọ́n ó rí ojú mi, ó pa á. Àwòrán náà fẹ̀ díẹ̀. Sájẹ́ǹtì tún na òwú. Ó kù ìka kan.

Ó yíjú sí àǹtí. "Àṣé ẹ̀yin méjèèjì lẹ jọ ń ṣe é. Ìwọ ní bọ́tìnnì, òun ní ẹnu."

"Èmi kẹ̀? Oga, abeg, na hair I sabi." Àǹtí gbé àga rẹ̀ wọlé. N kò dá a lẹ́bi, ṣùgbọ́n láti ọjọ́ náà ni n kò ti mọ iye tí mo lè gbẹ́kẹ̀ lé e.

Sájẹ́ǹtì ní kí n tú mọ́nítọ̀, òun fi kútẹ́ẹ̀sì sàmì sínú rẹ̀. Mo ní iná tó ṣẹ́kù nínú mọ́nítọ̀ lè pa ènìyàn, bí a tilẹ̀ yọ ọ́ lára ògiri. Òótọ́ ni. Ṣùgbọ́n ohun tí mò ń rò ju bẹ́ẹ̀ lọ. Bí a bá tú u tí kò sí àmì níbẹ̀ ńkọ́? Ta ló mọ̀ bóyá ó sàmì kankan? Ta ló mọ̀ bóyá ẹni tó tà á fún un ti pààrọ̀ rẹ̀ kó tó kúrò ní wọ́ọ̀fù? Tí mo bá sì fi sikurudiráfà kan ìdí rẹ̀, ọwọ́ mi ti wà níbẹ̀ nìyẹn.

Bọ́tìnnì kékeré kan wà lẹ́yìn mọ́nítọ̀ tí mo lè fi fa àwòrán náà gùn títí á fi kan kókó òwú. Ó ṣe mí bíi kí n ṣe é. Ṣùgbọ́n bó bá dé ibi tí iná ti dára, àwòrán á kún àkúnwọ́sílẹ̀, sájẹ́ǹtì á sì tún padà wá. Ibì kan ṣoṣo ni òwú náà ti lè jẹ́rìí mi: ibi tí wọ́n ti gé e.

"Ẹ jẹ́ ká gbé e lọ sílé yín, sà. Tí òwú yẹn ò bá bá a mu níbẹ̀..." N kò parí rẹ̀.

"Ìwọ lo fẹnu ara rẹ sọ ọ́," ni sájẹ́ǹtì wí. "Bárékè ni mò ń gbé."

Ó gbé ara kọ̀ǹpútà síwájú ọkọ̀, ó ní kí n gbé mọ́nítọ̀ sórí itan mi lẹ́yìn, kí ọwọ́ mi méjèèjì wà lókè rẹ̀ níbi tí òun ti lè máa rí i. Ó ń wò mí nínú dígí ju bó ti ń wo ọ̀nà lọ. A gba Creek Road, láàárín àwọn tírélà. Gbogbo ìgbà tó bá dín eré kù, mo ń rò ó pé kò lọ sí bárékè mọ́. Nígbà tí mo wá rí bárékè, ó wù mí kó jẹ́ ibòmíràn. Gáàdìrúùmù wà ní ẹ̀gbẹ́ géètì. Ẹnìkan jókòó sílẹ̀ níbẹ̀, kò wọ bàtà. Ẹsẹ̀ rẹ̀ ni mo rí. N kò wo ojú rẹ̀.

Ìyàwó sájẹ́ǹtì ṣílẹ̀kùn. "Ta nìyí?"

"Oníṣẹ́ kọ̀ǹpútà."

"Ẹ kú iṣẹ́ o. Ẹ ti bá wa gba ọkọ mi lọ́wọ́ ìbànújẹ́."

"Àwọn ọmọ ló bà á jẹ́ ni, mà," ni mo wí, kí n lè fi pọ́n wọn lé.

"Ọmọ wo? Òun ló ń gbá a! Lọ́jọ́ tí bàálù rẹ̀ já sómi, kò jẹun."

"Wá iṣẹ́ ṣe," ni sájẹ́ǹtì sọ fún un.

Mo so wáyà pọ̀. Gílóòbù pálọ̀ náà ń tàn funfun báláú. N kò rí irú rẹ̀ rí lọ́sàn-án ní Ajégúnlẹ̀. Kọ̀ǹpútà pẹ́ kó tó jí. Ọkọ̀ òfurufú náà jáde. Sájẹ́ǹtì na òwú rẹ̀. Kókó kan wà ní etí òsì àwòrán, kókó kejì wà ní etí ọ̀tún gẹ́lẹ́. Ó yí òwú náà, ó tún wọ̀n ọ́n. Ó mú un sún mọ́ ojú, ó tún mú un jìnnà.

"O ti dá a padà," ló wí.

"Níbo, sà? Orí itan mi ló wà."

Ìyàwó rẹ̀ rẹ́rìn-ín. "Nínú ìjàpá? Àpò ṣòkòtò ló ti yọ mọ́nítọ̀ ni?"

Sájẹ́ǹtì kò rẹ́rìn-ín. Ó jókòó, ó gbé ọwọ́ lé bọ́tìnnì, ọkọ̀ òfurufú náà sì gbéra nílẹ̀. Kò ní kí n máa lọ, kò ní kí n jókòó. Ìyàwó gbé omi fún mi. Mo gba ife náà, mo dì í mú, n kò mu ún. N kò mọ ohun tó wà nínú rẹ̀, n kò sì mọ̀ bóyá wọ́n á ní mo kọ̀ ọ́.

Nígbà tó ṣe, sájẹ́ǹtì dìde. "Ó yá."

Ó di ọrùn ọwọ́ mi mú. Bóyá bí ọ̀rẹ́ ṣe ń di ọ̀rẹ́ mú ni, bóyá bí wọ́n ṣe ń di olè mú ni, n kò lè sọ ọ́. A jọ rìn báyìí dé géètì. Ẹni tó ń ṣọ́ ibẹ̀ kí i, ó wo ọwọ́ mi nínú ọwọ́ rẹ̀, ó ṣí ilẹ̀kùn gáàdìrúùmù díẹ̀ bí ẹni tó ń retí àṣẹ. Sájẹ́ǹtì mi orí pé rárá. A kọjá. A dé ìta kó tó tú mi sílẹ̀.

"Ká ní òwú yẹn ò bá a mu ńkọ́," ló wí, "kí lò bá ṣe?"

"Mi ò mọ̀, sà."

"Èmi náà ò mọ ohun tí ǹ bá ṣe," ni sájẹ́ǹtì wí.

Ó yíjú padà, ó wọlé. Mo dúró síbẹ̀ títí mo fi rí i pé kò sẹ́ni tó ń pè mí. Mo wá bẹ̀rẹ̀ sí í rìn. N kò sáré, n kò sì wẹ̀yìn, títí mo fi dé Creek Road níbi tí àwọn tírélà tò sí, tí mo sì wọ àárín wọn.