Ọ̀rọ̀ Tí Màmá Ará Sílẹ́tì Sọ

Òórùn òróró tí Màmá fi ń pa orúnkún ló máa ń kọ́kọ́ padà sí mi lọ́kàn bí mo bá rántí ọdún tí mo dé Amẹ́ríkà. Òróró náà máa ń ta nímú bí ata, òórùn rẹ̀ a sì gba orí àtẹ̀gùn sọ̀kalẹ̀ wá bá mi nínú yàrá ìsàlẹ̀ tí mo háyà ní Glenn Dale, lẹ́bàá DC. Ìdílé ará Bangladéṣì kan ló ni ilé náà: ọkọ, ìyàwó, àti ìyá ọkọ tí wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ mú dé láti abúlé kan lẹ́bàá ìlú Sílẹ́tì. Iṣẹ́ kọ̀ǹpútà ni ọkọ ń ṣe, ó sì máa ń rìnrìn àjò gan-an. Ọmọ Kòlkátà, ní ilẹ̀ Íńdíà, ni ìyàwó. Ilé ẹ̀kọ́ gíga níbí ni òun àti ọkọ rẹ̀ ti pàdé. Tí òun náà bá ti wa mọ́tò rẹ̀ lọ sí DC láàárọ̀, èmi àti Màmá nìkan ló ń kù nílé, nítorí mi ò tíì rí ìwé tí mo lè fi ṣiṣẹ́ gbà.

Màmá ò gbọ́ Gẹ̀ẹ́sì, èmi ò sì gbọ́ èdè wọn rárá. Ṣùgbọ́n ẹni méjì ò lè jókòó sínú ilé kan láti àárọ̀ títí di ìrọ̀lẹ́ kí wọ́n má bá ara wọn sọ̀rọ̀. Màmá á nawọ́ sí nǹkan, wọ́n á pe orúkọ rẹ̀, èmi náà á pè é tẹ̀lé wọn, wọ́n á sì rẹ́rìn-ín títí omi á fi bọ́ lójú wọn. Bí mo bá ń bá wọn ra orúnkún, wọ́n á fọwọ́ lé ibi tó ń dùn wọ́n, wọ́n á ní, “Bish, bish,” èmi á sì rọra fi ọwọ́ mi síbẹ̀. *Furi* ni wọ́n ń pè mí, ìyẹn ọmọbìnrin.

Orí mi wú. Mo gbà pé mo ti ń gbọ́ Bẹ̀ǹgálì, èdè àwọn ará Bangladéṣì. Lọ́jọ́ Jímọ̀ kan ní mọ́sálásí, mo tọ obìnrin kan tó jẹ́ ọmọ Dákà, olú ìlú Bangladéṣì, lọ, mo gbé àyà sókè, mo bi í pé, “Afnar furi bala ni?” Ohun tí mo fẹ́ mọ̀ ni bóyá ọmọbìnrin rẹ̀ wà dáadáa. Ó wò mí, ó ní, “Àǹtí, mi ò gbé oúnjẹ wá lónìí o.” Nígbà tí ọ̀rọ̀ mi yé e, ó rẹ́rìn-ín títí ó fi di ògiri mú. Ó ní *puri* lòun gbọ́, pé lọ́dọ̀ tiwọn, búrẹ́dì pẹlẹbẹ tí wọ́n ń dín ni. Ó ní ti Sílẹ́tì ni mò ń sọ, pé bí ará Sílẹ́tì bá ń yára sọ̀rọ̀, òun gan-an kì í gbọ́ tó ìdajì rẹ̀, àti pé ti àwọn ará Sìtágọ́ọ̀ngì tún le ju ìyẹn lọ. Ẹnu yà mí. Èmi tí inú ń bí bí àwọn aláwọ̀ funfun bá bi mí bóyá mo ń sọ “èdè Nàìjíríà,” èmi náà rò pé Bẹ̀ǹgálì kan ṣoṣo ló wà láyé. Ọjọ́ yẹn ló tó yé mi ìdí tí Màmá àti ìyàwó ọmọ wọn fi máa ń jẹun láìsọ̀rọ̀. Mo ti rò pé ìjà wà láàárín wọn ni, àṣé Bẹ̀ǹgálì ti Kòlkátà ni ìyàwó ń sọ, kò gbọ́ ti Sílẹ́tì. Ọkọ ló ń túmọ̀ ọ̀rọ̀ fún àwọn méjèèjì. Tí kò bá sí nílé, ilé a pa rọ́rọ́.

Inú ọkọ̀ òfurufú ni ọkọ wà lọ́jọ́ tí inú ń run Màmá. Mo pe ìyàwó, ó sáré dé láti ibi iṣẹ́, ó wa mọ́tò lọ sí ọsibítù, èmi sì gbé orí Màmá lé itan mi ní ìjókòó ẹ̀yìn. Nígbà tí a débẹ̀, nọ́ọ̀sì pe ògbufọ̀ kan lórí fóònù, ọkùnrin tó ń sọ Bẹ̀ǹgálì bí wọ́n ṣe ń kọ ọ́ sínú ìwé. Màmá di ikùn mú, wọ́n ń pariwo, “Bish! Bish!”

Ògbufọ̀ náà ní, “Ó ní májèlé wà nínú ikùn òun.”

Dókítà, obìnrin kan tó ga, béèrè pé, “Ta ló se oúnjẹ tí wọ́n jẹ lónìí?”

“Èmi ni,” ìyàwó dáhùn. Ní Kòlkátà náà, májèlé ni *bish*. Mo rí i lójú rẹ̀ pé ó gbà pé ìyá ọkọ òun ti fẹ̀sùn kan òun níwájú àjèjì. Wọ́n ní kó bọ́ sí ọ̀dẹ̀dẹ̀, ẹ̀ṣọ́ kan sì lọ dúró tì í.

Mo ní, “Dókítà, ẹ jọ̀ọ́, kì í ṣe májèlé. Ìrora ni wọ́n ń sọ. Bí orúnkún bá ń dùn wọ́n nílé, bẹ́ẹ̀ náà ni wọ́n máa ń wí.”

“Ṣé ará Bangladéṣì ni ẹ́?”

“Rárá o. Ọmọ Ìbàdàn ni mí. Ṣùgbọ́n ẹ bá wa wá ògbufọ̀ tó jẹ́ ọmọ Sílẹ́tì.”

Ó lè sọ pé kí n jáde. Kò sọ bẹ́ẹ̀. Ó yí padà, ó ní kí nọ́ọ̀sì tún pè.

Obìnrin ló dáhùn lẹ́ẹ̀kejì. Bó ṣe kí Màmá báyìí, Màmá gba fóònù náà lọ́wọ́ nọ́ọ̀sì, wọ́n fi ọwọ́ méjèèjì dì í mú, ọ̀rọ̀ sì tú jáde lẹ́nu wọn tòun ti ẹkún. Obìnrin náà fetí sílẹ̀ dáadáa kó tó túmọ̀. Ó ní, “Ìrora ni. Abẹ́ ìhà ọ̀tún ló ti bẹ̀rẹ̀ láàárọ̀, ó sì ń gba ẹ̀yìn lọ. Wọ́n tún ń béèrè ibi tí ìyàwó ọmọ wọn wà. Wọ́n ní kí ẹ jẹ́ kó wọlé wá di ọwọ́ àwọn mú.”

Wọ́n pè é wọlé. Òun àti Màmá di ara wọn mú. Òkúta ló wà nínú òróòro Màmá. Wọ́n ṣe iṣẹ́ abẹ fún wọn, ó sì yọrí sí rere.

Ibi tí mo jókòó sí tí mò ń dúró dè wọ́n ni ọ̀rọ̀ *bish* náà ti gbà mí lọ́kàn. A ní oró ejò, a sì mọ̀ pé ó lè pa ènìyàn. Ẹni tí ìrora kò jẹ́ kó sùn, a ní ó ń joró. Láti kékeré ni mo ti ń sọ méjèèjì, mi ò sì fìgbà kan rò ó rí pé *oró* kan náà ni, májèlé àti ìrora, bíi *bish* tiwọn. Ta ló sọ fún àwọn àgbà Ìbàdàn àti àwọn àgbà Sílẹ́tì, tí òkun pín níyà, pé kí wọ́n ro nǹkan kan náà nípa ara ènìyàn? Mo wo àwọn tó ń kọjá ní ọ̀dẹ̀dẹ̀ náà, ẹ̀rù gbogbo ohun tó wà lẹ́nu wọn tí mi ò lè gbọ́ sì bà mí, ẹ̀rù tó dùn mọ́ mi.

Fairwood, tí kò jìnnà sí Glenn Dale, ni mò ń gbé báyìí, pẹ̀lú àwọn ọmọ tí mò ń bá sọ Yorùbá tí wọ́n ń fi Gẹ̀ẹ́sì dá mi lóhùn. Ní Ramadan tó kọjá, wọ́n pè wá wá ṣínu ní Glenn Dale. Màmá ti darúgbó gan-an. Ìyàwó jókòó tì wọ́n, ó ń bu oúnjẹ fún wọn, àwọn méjèèjì ń sọ èdè Sílẹ́tì láìdánu dúró, Màmá ń bá a jiyàn lórí iyọ̀ ọbẹ̀. Àlejò kan tó jẹ́ ọmọ Sílẹ́tì gbọ́ wọn títí, ó wá bi ìyàwó pé àdúgbò wo ló ti wá ní Sílẹ́tì.

Mo dúró kó sọ pé ọmọ Kòlkátà ni òun. Ó rẹ́rìn-ín músẹ́, ó fọwọ́ kan èjìká Màmá, ó ní, “Àdúgbò tiwọn ni.”