Òwú Fìlà Tó Di Fèrè

Bí éésì bá ti ké nínú ilé mi, etí mi á máa retí kí oparun sán.

Lọ́sàn-án ọjọ́ kan ní Houston, ooru fẹ́rẹ̀ẹ́ pa wá, ṣùgbọ́n Daddy ò jẹ́ ká tan éésì, kí fèrè oparun Japan wọn má baà gbẹ, kó sán. Wọ́n ń fọn ọ́n lọ́wọ́ nígbà tí Mummy ti ọsibítù dé, tí wọ́n sì tan éésì.

“Fèrè mi!” Daddy jágbe.

Kò pẹ́, fèrè sán, pá!

Mummy tú fìlà ọmọ tuntun tí wọ́n ń hun, wọ́n na òwú rẹ̀ sí Daddy. “Ẹ fi dì í. Mi ò nílò rẹ̀ mọ́.”

Daddy bú sẹ́kún. Mo rò pé nítorí fèrè ni.

Ìgbà tí mo lóyún ni Mummy tó sọ fún mi pé èmi ìbá ní àbúrò.