Ọ̀yọ́-Ilé Tí Wọ́n Kàn ní Kugbo

Òórùn gọ́ọ̀mù àti pákó tí wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ rẹ́ ló máa ń kọ́kọ́ sọ sí mi nímú bí mo bá rántí ìgbà tí mo kọ eré nípa Ọ̀yọ́-Ilé. Ní Kugbo, lójú ọ̀nà Nyanya, níbi tí àwọn ará Àbújá ti ń ra bẹ́ẹ̀dì àti àga, ni wọ́n ti kan ààfin náà. Àwọn káfíńtà to òpó rẹ̀ sẹ́gbẹ̀ẹ́ kọ́bọ́ọ̀dù tí wọ́n ń tà, wọ́n fi ọ̀dà pupa kùn ún kó lè jọ amọ̀, ọkọ̀ akẹ́rù sì gbé e lọ sí Lugbe, sí ilẹ̀ gbalasa kan lẹ́yìn àwọn ilé tuntun. Mo dúró tì wọ́n bí wọ́n ṣe ń tò ó, inú mi ń dùn bíi pé èmi gan-an ni mo tẹ ìlú náà dó.

Kubwa ni wọ́n ti tọ́ mi. Iṣẹ́ ìjọba àpapọ̀ ló gbé bàbá mi wá sí Àbújá kí wọ́n tó bí mi. Láàárọ̀, á bá àwọn òṣìṣẹ́ tó kù wọ bọ́ọ̀sì lọ sí ìgboro; bó bá dé nírọ̀lẹ́, á bọ́ bàtà, á jókòó sí ọ̀dẹ̀dẹ̀, á wá bẹ̀rẹ̀ sí sọ̀rọ̀ Ọ̀yọ́-Ilé bí ẹni ń sọ̀rọ̀ àdúgbò tó ṣẹ̀ṣẹ̀ kó kúrò. Kì í da ọ̀rọ̀ pọ̀ mọ́ra wọn. Bó bá ń sọ ti ejò tí wọ́n so oògùn mọ́ lọ́rùn, tó rìn ṣáájú Ọ̀rànmíyàn títí tó fi wọlẹ̀ síbi tí wọ́n tẹ ìlú dó sí, á rẹ́rìn-ín, á ní, "Bí wọ́n ṣe sọ ọ́ fún wa nìyẹn o." Bó bá kan ọ̀rọ̀ ogun, kì í rẹ́rìn-ín mọ́. Á sọ bí àwọn ìjòyè àti ọba ò ṣe gbọ́ra wọn yé mọ́, bí ìlú tí ògiri yí ká, tí àwọn ẹlẹ́ṣin rẹ̀ ti dẹ́rù ba ilẹ̀ jíjìn, ṣe tú, tí àwọn èèyàn rẹ̀ di ẹrù kọrí sí gúúsù.

Ìyá kan nínú ìdílé wa wà lára àwọn tó sá. Oyún wà nínú rẹ̀. Ojú ọ̀nà ló bímọ sí, lábẹ́ igi, obìnrin tí kò mọ̀ rí ló gbẹ̀bí rẹ̀. Ó fi ìró ara rẹ̀ pọ́n ọmọ náà, ó gbé e rìn títí dé ibi tí a ń pè ní ìlú wa lónìí. Abíọ́nà ni wọ́n sọ ọmọ ọ̀hún. Àtọmọdọ́mọ rẹ̀ ni wá.

Ìgbà tí mo wà ní girama, bàbá mi mú mi lọ wo ahoro ìlú náà. Mo rí òkìtì ògiri tí koríko ti bò, mo rí àpáàdì káàkiri ilẹ̀, mo rí ojú ihò lórí àpáta tí àwọn obìnrin ti ń lọ nǹkan. Bàbá mi bẹ̀rẹ̀, ó mú àpáàdì kan, ó wò ó títí, ó sì rọra dá a padà síbi tó ti mú un. Èmi ní tèmi ń na fóònù mi sókè, mo ń wá ibi tí nẹ́tíwọ́ọ̀kì wà.

Nígbà tí mo jáde ní yunifásítì, mo ríṣẹ́ sí ilé iṣẹ́ kan tó ń ṣe fíìmù nínú ìgboro Àbújá. Ọmọ Yorùbá ni olùdarí wa, Àbújá náà ló dàgbà sí, ó fi ọdún díẹ̀ jù mí lọ. Ó lóun fẹ́ ṣe eré ńlá nípa Ọ̀yọ́-Ilé, ó sì gbé e lé mi lọ́wọ́. Mo kọ ọ́ bí ẹni tí wọ́n fi jẹ oyè. Mo kó ejò sí i, mo kó ẹlẹ́ṣin sí i, mo fi àwọn ìjòyè tí kò sí rárá kún àwọn tó wà, nítorí mo mọ̀ pé eré ni. Mo wá sọ ọ̀rọ̀ ìyá Abíọ́nà fún un. Ojú rẹ̀ pọ́n.

Ó ní, "Kai! Sísítà, èyí gan-an ló máa pa àwọn èèyàn lẹ́kún."

Mo gba àyè lọ́wọ́ bàbá mi kí n tó kọ ọ́. Ohun tó sọ ò ju pé, "Sọ ọ́ bó ṣe rí."

Mo bi olùdarí bóyá kò yẹ ká lọ wo ìlú náà fúnra wa ká tó bẹ̀rẹ̀. Ó rẹ́rìn-ín, ó ní, "Kí la fẹ́ lọ wò níbẹ̀? Igbó?" Èmi náà bá a rẹ́rìn-ín. Mo rò pé irú ẹ̀rín bẹ́ẹ̀ ni àwọn ọ̀gá máa ń rín. Kí wọ́n tó ya apá ti ojú ọ̀nà, ó ti ní kí n lọ máa kọ eré mìíràn, n kò sì sí níbẹ̀ lọ́jọ́ tí wọ́n yà á.

Ọ̀sán Sátidé ni wọ́n fi eré náà han àwọn tí wọ́n pè. Bàbá mi wọ bùbá àti ṣòkòtò funfun, ó sì dé fìlà tó máa ń dé lọ síbi ìgbéyàwó. Àwa méjèèjì jókòó síwájú. Ohun àkọ́kọ́ tó jáde lójú fíìmù ni àkọlé gàdàgbà pé ìtàn tó ṣẹlẹ̀ lóòótọ́ ni. Lẹ́yìn náà ni ẹ̀jẹ̀ bẹ̀rẹ̀. Ọba ń mu ẹ̀jẹ̀, àwọn ìjòyè ń mu ẹ̀jẹ̀, kò sẹ́ni tó ń roko, kò sẹ́ni tó ń hun aṣọ, kò sẹ́ni tó ń dáná nínú odidi Ọ̀yọ́-Ilé. Mo ṣì ń sọ fún ara mi pé eré ni.

Obìnrin ojú ọ̀nà wá jáde. Ó bímọ lábẹ́ igi bí mo ṣe kọ ọ́. Ó wo ọmọ náà lójú, ó pè é ní Abíọ́nà, ó sì fún un lọ́rùn pa kí ègún ìlú lè kúrò lórí òun. Ohùn kan wá ń sọ ọ́ lókè pé irú ìkà báyìí ló pa Ọ̀yọ́-Ilé run. Gbogbo gbọ̀ngàn mí kanlẹ̀, wọ́n sì pàtẹ́wọ́.

Bàbá mi di ọwọ́ mi mú.

Ó ní, "Ta ni wọ́n pa yẹn?"

Mo ti ń wá báàgì mi nílẹ̀.

Ó ní, "Bí wọ́n bá pa á, àwa wo ló jókòó síbí?"

Mo dìde kí iná tó tàn. Ibi tí olùdarí ti ń bọ àwọn èèyàn lọ́wọ́ ni mo ti ká a mọ́. Mo bi í pé ta ló ní kó fọwọ́ kan ọ̀rọ̀ ìdílé wa.

Ó ní, "Sísítà, rọra. Fíìmù ni. Àròsọ ni."

Mo ní, "Kí ló dé tí ẹ fi kọ ọ́ síwájú rẹ̀ pé òótọ́ ni?"

Ó wo àwọn àlejò rẹ̀, ó rẹ ohùn sílẹ̀, ó ní, "Ohun tó ń tà nìyẹn."

Ní ọjọ́ Ajé, bàbá mi bá mi lọ sí ọ́fíìsì. Olùdarí dọ̀bálẹ̀ gbalaja. "Ẹ káàárọ̀ sà, Dádì." Bàbá mi ò jókòó.

Ó ní, "O lè ní kí ọba máa fò lójú ọ̀run. O lè ní kí ejò máa sọ̀rọ̀. Mi ò ní bá ẹ jà. Ṣùgbọ́n obìnrin yìí gbé ọmọ rẹ̀ la ogun já, o wá fi ọwọ́ rẹ̀ pa ọmọ náà, o sì ní òótọ́ ni. Yọ ọ́ kúrò."

"Dádì, ẹ má bínú. Eré ti jáde. Àti pé ta ló mọ obìnrin yẹn? Ó ti kú tipẹ́."

Bàbá mi ní, "Èmi mọ̀ ọ́n."

Olùdarí ní òun lè fi ìdúpẹ́ lọ́wọ́ ìdílé wa sí ìparí eré náà. Bàbá mi yíjú, ó bọ́ síta. Mo fi iṣẹ́ náà sílẹ̀ lọ́jọ́ yẹn, mo ní kí wọ́n yọ orúkọ mi kúrò. Kíá ni wọ́n yọ ọ́. Àṣé nǹkan ṣeé yọ kúrò nínú eré tó ti jáde.

Eré náà tàn bí iná ọyẹ́. Ní ṣọ́ọ̀ṣì wa ní Kubwa, lẹ́yìn ìsìn Yorùbá, obìnrin kan nínú ẹgbẹ́ akọrin rẹ́rìn-ín sí bàbá mi, ó ní, "Ẹ̀yin ará Ọ̀yọ́, ẹ mà burú o! Ọmọ yín lẹ ń pa!" Bàbá mi ò bá a jà. Ó lọ bá pásítọ̀, ó tọrọ àyè, nígbà tó sì di ọ̀sẹ̀ kejì, ó dúró níwájú ìjọ, ó sọ bí ọmọ náà ṣe yè. Àwọn kan ń tẹ fóònù. Àwọn kan ń wo aago. Nígbà tó parí, ìyálọ́mọ kan tó gbé ìkókó lọ́wọ́ béèrè pé, "Bàbá, kí ni ìyá náà ń jẹ lójú ọ̀nà tí omi fi wà lọ́mú rẹ̀?"

Bàbá mi ronú títí. Àwọn tó ń tẹ fóònù pàápàá gbójú sókè. Ì bá ti rọrùn fún un láti wá nǹkan kan sọ. Ó ní, "Wọn ò sọ ìyẹn fún wa."

Ó ti fẹ̀yìn tì báyìí, èmi náà sì ń ṣiṣẹ́ níbòmíràn. Eré yẹn ṣì wà lórí fóònù káàkiri. Níbi iṣẹ́ mi, bí a bá ń jẹun ọ̀sán, ọmọ Yorùbá ẹgbẹ́ mi kan á ní ṣebí àwọn ará Ọ̀yọ́-Ilé ló máa ń pa ọmọ wọn. Mo máa ń gbé ṣíbí sílẹ̀, mo máa ń sọ ọ́ fún wọn láti ìbẹ̀rẹ̀, wọ́n sì máa ń ní kí n jẹ́ kó lọ, pé ọjọ́ ti pẹ́. N kò jẹ́ kó lọ. Ògiri ìlú yẹn ti wó, igbó ti gba ọjà rẹ̀, ohun tó kù lọ́wọ́ wa ò ju ohun tí a mọ̀ nípa àwọn tó gbé ibẹ̀. Obìnrin kan gbé ọmọ jáde nínú ogun, ọmọ náà yè. Àwọn tó jókòó sínú yàrá tútù ní Àbújá ló wá pa á, wọ́n sì gba àtẹ́wọ́ lé e. Inú ṣì ń bí mi, kò sì tíì sú mi.