Bí Màmá Ilona Ṣe Se Adìẹ fún Ìyá Àgbà

Nígbà tí mo wà ní kékeré ní ìlú Katy ní Amẹ́ríkà, tí oko ìrẹsì ṣì wà lẹ́yìn ilé wa, ìyá arúgbó ará Họ́ngárì kan ń gbé nílé tó kángun sí tiwa. Ilona ni orúkọ wọn. Ọkọ wọn, tó ṣe iṣẹ́ ẹnjiníà ní Clear Lake, ti kú kí a tó kó dé àdúgbò náà. Màmá Ilona ni mo ń pè wọ́n, nítorí Mọ́mì ti kìlọ̀ pé ẹni tó bá pe àgbàlagbà lórúkọ lásán yóò kúnlẹ̀ títí àmì kápẹ́ẹ̀tì yóò fi hàn lórúnkún rẹ̀. Mo ti dán an wò lẹ́ẹ̀kan. Àmì náà hàn dáadáa.

Ẹ̀yin tí a jọ dàgbà ní Katy á rántí bí ó ṣe rí nígbà náà. Bọ́ọ̀sì ilé ìwé á já wa sílẹ̀, òógùn á ti lẹ aṣọ mọ́ wa lẹ́yìn, kò sì ní sí ẹnikẹ́ni nílé. Mọ́mì wà níbi iṣẹ́ nọ́ọ̀sì, Dádì wà lórí freeway, nínú sún-kẹrẹ-fà-kẹrẹ ọkọ̀. Ọ̀dọ̀ Màmá Ilona ni mo máa ń wà títí ọ̀kan nínú wọn yóò fi dé. Iṣẹ́ mi ni kí n bó àlùbọ́sà. Wọ́n á gé e wẹ́wẹ́, wọ́n á dín in jẹ́ẹ́jẹ́ títí yóò fi rọ̀ bí ẹ̀kọ, wọ́n á sì gbé ìkòkò kúrò lórí iná kí wọ́n tó da ata pupa lílọ̀ kan sí i, tí wọ́n ń pè ní pàpíríkà. Wọ́n ní tí iná bá jó pàpíríkà, yóò korò. Lẹ́yìn náà ni adìẹ á wọlé. Tó bá jinná, wọ́n á po wàrà kíkan mọ́ ọn. Gbogbo ilé á máa ta sánsán. Ọ̀rá ẹlẹ́dẹ̀ ni wọ́n fi ń dín in, Mùsùlùmí sì ni wá, torí náà èmi a máa bó àlùbọ́sà, mà á gbọ́ òórùn, mà á jẹ búrẹ́dì.

Ọdún yẹn ni bàbá Dádì kú ní Ìsẹ́yìn. Dádì lọ sin wọ́n, wọ́n sì mú Ìyá Àgbà bọ̀ wá sọ́dọ̀ wa. Láti ọjọ́ tí Ìyá Àgbà ti dé, wọn ò jẹun. Mọ́mì ro ẹ̀bà, wọ́n se mọ́ínmọ́ín, wọ́n po ògì. Ìyá Àgbà á fi ìka kan tọ́ oúnjẹ náà lá, wọ́n á ní àwọn ti yó. Wọ́n á wá jókòó sójú fèrèsé, wọ́n á máa wo mọ́tò tí kò lọ síbì kan. Bùbá bẹ̀rẹ̀ sí í tóbi jù wọ́n lọ. Dókítà ní tí kò bá yí padà, àwọn á dá wọn dúró sí ilé ìwòsàn. Lọ́jọ́ kan, mo bá Dádì nínú gáréèjì, wọ́n gbé orí lé sítíárìn mọ́tò, wọ́n ń sunkún. Mo rò pé mọ́tò ló bàjẹ́.

Mo sọ fún Màmá Ilona pé Ìyá Àgbà ò jẹun. Wọ́n gbé ọ̀bẹ sílẹ̀.

“Láti ìgbà wo?”

“Ó ti lé ní ọ̀sẹ̀ méjì, mà.”

“Kọfí nìkan ni èmi mu fún oṣù kan nígbà tí ọkọ tèmi kú,” ni wọ́n wí, wọ́n sì mú ọ̀bẹ padà.

Lọ́jọ́ Sátidé, wọ́n gba gáréèjì wọlé láì kan ilẹ̀kùn, wọ́n gbé pákó kan dání àti agolo pàpíríkà. Mọ́mì dúró síwájú sítóòfù, ojú ń tì wọ́n.

“Màmá, ẹ má bínú, ọ̀rá yẹn...”

“Mo mọ̀. Adìẹ yín, òróró yín, ìkòkò yín. Ata nìkan ni tèmi.”

Mọ́mì gbé adìẹ halal jáde láti inú fíríìsà. Màmá Ilona wo òróró wa bí ẹni ń wo àlejò tí kò bọ́ bàtà, ṣùgbọ́n wọ́n lò ó. Èmi ni wọ́n ní kí n ṣe nókẹ́dílì, ìyẹ̀fun bíbọ̀ tí wọ́n fi ń jẹ ọbẹ̀ náà: wọ́n po ìyẹ̀fun mọ́ ẹyin títí ó fi rọ̀, wọ́n tẹ́ ẹ sórí pákó, mo ń fi ọ̀bẹ ha á sínú omi tó ń hó. Tiwọn kéré bí ìka ọmọ ọwọ́. Tèmi tó ẹyin adìẹ. Màmá Ilona ní kò burú, ẹni tí ebi ń pa ni yóò jẹ ìyẹn.

A gbé e fún Ìyá Àgbà. Nítorí pé àlejò ló sè é, wọ́n bu ṣíbí kan. Wọ́n jẹ ẹ́. Wọ́n tún wo bí ó ṣe pupa. Wọ́n yíjú sí Mọ́mì.

“Ata yìí, kí ló ṣe é?”

“Bí tiwọn ṣe rí nìyẹn, mà. Kì í ta.”

“Ṣé ara rẹ̀ ò yá ni?”

Wọ́n dìde. Láti ìgbà tí wọ́n ti dé Amẹ́ríkà, ìgbà àkọ́kọ́ nìyí tí wọ́n wọ kíṣìnnì. Wọ́n ṣí fíríìjì, wọ́n mú ata rodo mẹ́ta, wọ́n sì kọrí sídìí ìkòkò. Màmá Ilona fi ọwọ́ bo ìkòkò. Ìyá Àgbà ń sọ Yorùbá, Màmá Ilona ń sọ èdè Họ́ngárì, ohùn méjèèjì ń lọ sókè. Níkẹyìn Mọ́mì mú ìkòkò kejì wá, wọ́n sì pín ọbẹ̀ náà sí méjì bí ogún.

Ìyá Àgbà jẹ àwo méjì nínú tiwọn, pẹ̀lú gbogbo nókẹ́dílì ńláńlá tí mo ha. Màmá Ilona ní àwọn náà á tọ́ ọ wò. Omi bọ́ lójú wọn, wọ́n ní ó dùn, wọ́n sì mu omi ife mẹ́rin. Dádì wọlé, wọ́n rí ìyá wọn tó ń fa egungun adìẹ mu, wọ́n ní àwọn gbàgbé nǹkan sínú mọ́tò. Wọ́n pẹ́ níbẹ̀.

Sátidé gbogbo ló di. Pápíríkáṣì ni oúnjẹ náà ń jẹ́, ṣùgbọ́n ẹnu Ìyá Àgbà ò gbà á, rìkíṣí ni wọ́n ń pè é. Wọ́n á dúró lẹ́nu ọ̀nà, wọ́n á ké sí ilé kejì pé, “Ìyá Ilona, ṣé ká bẹ̀rẹ̀ rìkíṣí?” Ọdún mẹ́rin ni wọ́n fi ṣe é, kí Ìyá Àgbà tó padà sí Ìsẹ́yìn. Àwọn méjèèjì ti kú báyìí.

Sugar Land, tí kò jìnnà sí Katy, ni mo ń gbé lónìí. Ilé wa tóbi ju ti Katy lọ, ó sì ti tó ọdún mẹ́fà tí a ti wà níbẹ̀. Mo mọ orúkọ ajá àwọn tó múlé gbè wá. Èmi ò mọ orúkọ tiwọn. Ní ọ̀sẹ̀ tó kọjá, mo gbọ́ pé ìyá tó wà nílé náà ń ṣàìsàn, mo bá se adìẹ yẹn, mo bu ú sínú abọ́, mo lọ tẹ aago ẹnu ọ̀nà wọn. Kámẹ́rà tó wà lára ilẹ̀kùn ló dá mi lóhùn. Ó rò pé ilé oúnjẹ ló rán mi wá: ó ní kí n gbé oúnjẹ náà sílẹ̀, kí n ya fọ́tò rẹ̀, kí n máa lọ.

Mo gbé e sílẹ̀. Mo ya fọ́tò rẹ̀.