Ìjókòó Iwájú Lọ́jọ́ Ìbí Ọba

Màmá Bọ́tìnì ni gbogbo àdúgbò ń pè é, nítorí bọ́tìnì aṣọ ológun ló ń rán ní ilé iṣẹ́. Ẹnu rẹ̀ sì mú ju abẹ́rẹ́ ọwọ́ rẹ̀ lọ, àfi lọ́jọ́ tí àwọn tó ń kó ọmọkùnrin lọ sójú ogun kanlẹ̀kùn.

"Màmá, ọmọkùnrin yín ńkọ́?"

Ó ti fi ọmọ náà pamọ́ sọ́dọ̀ àbúrò rẹ̀ ní ìlú mìíràn. Ó fẹ́ sọ pé, "Kò sí níbí mọ́." Ìbẹ̀rù ò jẹ́ kí "níbí" jáde.

"Kò sí mọ́," ló bọ́ lẹ́nu rẹ̀.

Ọ̀gá wọn ṣí fìlà. "Áà! Ẹ pẹ̀lẹ́, Màmá. Ọlọ́run á tù yín nínú."

Ṣé kó wá ní kì í ṣe bẹ́ẹ̀ ni, kí wọ́n lọ wá ọmọ rẹ̀ jáde? Ẹ má tètè dá a lẹ́jọ́. Ẹ̀yin náà lọ́mọ. Kó tó di ìrọ̀lẹ́, àdúgbò ti fi kún un pé ojú ogun ló kú sí, ilé sì kún fún ẹkún.

Ìyá Oníbúrẹ́dì, tí ogun pa ọmọ rẹ̀ kan ṣoṣo lóòótọ́, ló kọ́kọ́ dé. Láti ìgbà náà, àràárọ̀ ló ń gbé búrẹ́dì gbígbóná wá. Màmá Bọ́tìnì ń jẹ ẹ́, ẹ̀rí ọkàn sì ń jẹ òun náà.

Nígbà tí ọjọ́ ìbí Ọba kù sí dẹ̀dẹ̀, ìjọba ní gbogbo orílẹ̀-èdè gbọ́dọ̀ pawọ́ pọ̀ ṣe é, kí ọ̀tá lè rí i pé ọ̀kan ni wá. Àwọn ìyá tí ogun gba ọmọ lọ́wọ́ wọn ni wọ́n fi sí ìjókòó iwájú. Wọ́n fi rìbọ́ọ̀nù dúdú sí Màmá Bọ́tìnì láyà, wọ́n sì mú un jókòó ti Ìyá Oníbúrẹ́dì.

Ọba fúnra rẹ̀ sọ̀kalẹ̀ wá bá wọn. Arúgbó ni. "Ẹ̀yin lẹ yọ̀ǹda ọmọ fógun," ó ní, "èmi ni mo wá ń ṣọjọ́ ìbí." Omijé bọ́ lójú rẹ̀. Ó ṣe Màmá Bọ́tìnì bíi kí ilẹ̀ lanu kó gbé e mì.

Bí Ọba ti kọjá, Ìyá Oníbúrẹ́dì di ọwọ́ Màmá Bọ́tìnì mú. "Gbogbo wọn ló ń bá mi kẹ́dùn, ṣùgbọ́n ìwọ nìkan lọ̀rọ̀ mi yé. Àbí kò yé ẹ?"

Irọ́ àkọ́kọ́, ìbẹ̀rù ló bá a sọ ọ́, àdúgbò sì bá a parí rẹ̀. Èyí, kò sẹ́ni tó máa bá a pín in.

"Ó yé mi," ó ní.