Tú-u-wò Tí Mo Mọ̀ Kọ́ Ló Wà Nínú Fíìmù Yẹn

Orí fóònù ni mo ti gbọ́ ohùn ọkọ mi kẹ́yìn. Ó wà ní ìsọ̀ àwọn onírin, ayùn ń han lẹ́yìn rẹ̀, òun náà sì ń pariwo bíi pé èmi ni mo di ayùn náà mú.

"Ìyá ilé! Ṣé ò ń gbọ́ mi?"

"Mò ń gbọ́ yín. Gbogbo àdúgbò ló ń gbọ́ yín."

"Sọ fún Ẹlẹ́rìn-ín kó má kó ẹ̀rọ kankan jáde o. Mo ti rí irin tó bá ìdènà ìka yẹn mu. Èyí tí kò bá ní ìdènà lára ò gbọdọ̀ kúrò ní ṣọ́ọ̀bù. Ṣé o gbọ́?"

"Mo gbọ́. Ṣé ẹ ti jẹun?"

"Irin ni mò ń sọ, oúnjẹ lò ń bèèrè!" Ó rẹ́rìn-ín, ó pa fóònù.

Àwọn onírin ní bó ṣe yan irin náà tán, ó ní òun fẹ́ jókòó sinmi díẹ̀. Kò dìde mọ́.

Mo ti jíṣẹ́ rẹ̀ fún Ẹlẹ́rìn-ín kí n tó mọ̀ pé mo ti di opó. Mo tún jíṣẹ́ náà lẹ́yìn ìsìnkú. Mo ṣì ń jẹ́ ẹ di báyìí. Ẹlẹ́rìn-ín ni àbúrò ọkọ mi. Èmi ni mo sọ ọ́ lórúkọ yẹn nígbà tí mo ṣẹ̀ṣẹ̀ di ìyàwó wọn, torí bó bá ń bínú pàápàá, eyín rẹ̀ á wà níta. Òun ló ń bójú tó ṣọ́ọ̀bù báyìí. Òun náà ló mú àwọn onífíìmù wá bá mi.

Fíìmù náà ni wọ́n ń gbé kiri yìí, wọ́n ní ìgbésí ayé ọkọ mi ni. Ẹni tó bá ti wò ó, tó bá pàdé mi lọ́nà, á dì mọ́ mi, á ní mo kú oríire. Oríire wo? Ẹ jẹ́ kí n sọ ẹni tí mo fẹ́ fún yín, kí ẹ tó máa bá mi yọ̀.

Ọkọ mi tín-ín-rín bí ìgbálẹ̀. Kẹ̀kẹ́ títúnṣe niṣẹ́ tó kọ́. Tú-u-wò ni wọ́n ń pè é, nítorí kò sí ohun tó ní nọ́ọ̀tì lára tó lè fọkàn balẹ̀ nítòsí rẹ̀. Ó tú aago ẹ̀gbọ́n mi. Ó tú àgádágodo onílé, àwa àti onílé jọ sùn síta. Rédíò tí ohunkóhun ò ṣe, ó tú u, ó tò ó padà, nọ́ọ̀tì mélòó kan ṣẹ́ kù sílẹ̀, rédíò sì ń sọ̀rọ̀ lọ. Ó kó àwọn nọ́ọ̀tì náà sí àtẹ́lẹwọ́, ó ní, "Ṣé o rí i? Ẹni tó ṣe é ò mọ̀ pé wọn ò wúlò."

Èmi ní tèmi, alágbàfọ̀ ni mí. Nínú gbogbo iṣẹ́ ìfọṣọ, fífún ló ń pa ni. Ṣíìtì hòtẹ́ẹ̀lì tó bá ti mu omi yó, bí ẹni ń lọ́ ọrùn màlúù ni. Nígbà tó yá, ọrùn ọwọ́ mi méjèèjì wú, mi ò lè gbé ife omi dé ẹnu. Ọkọ mi wò mí títí lọ́jọ́ kan. Ó jáde lọ, ó lọ tú kẹ̀kẹ́ ara rẹ̀.

Bí ẹ̀rọ ìfúnṣọ ṣe bẹ̀rẹ̀ nìyẹn. Igi róbótó méjì, ọ̀kan sùn lórí èkejì, ọwọ́ irin kan wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ tí a fi ń yí wọn. Aṣọ á gba àárín wọn kọjá, omi á dà sílẹ̀. Ọ̀rọ̀ ẹnu nìyẹn o. Èyí tó kọ́kọ́ ṣe jẹ bọ́tìnnì àwọn oníbàárà mi bí ẹni ń jẹ ẹ̀pà. Èkejì ò lè dúró sójú kan. Bí mo ṣe ń yí i ló ń rìn, ìgbà tí mo fi máa fún aṣọ kan tán, èmi àti ẹ̀rọ ti dé ẹnu géètì. Ọ̀kan fa ṣòkòtò tíṣà kan gùn lẹ́sẹ̀ kan, ó fi èkejì sílẹ̀. Tíṣà gbé e wọ̀ wá hàn mí.

"Ìyá aláṣọ, ẹsẹ̀ mi tó kúrú yìí ńkọ́? Ṣé kí n gbé òun náà wá kí bàbá bá mi fà á ni?"

Mo dọ̀bálẹ̀ tán fún ẹ̀bẹ̀, kí n tó rántí pé obìnrin ni mí, ìkúnlẹ̀ ló yẹ mí. Tú-u-wò ní tirẹ̀ ti dì mọ́ ẹsẹ̀ ṣòkòtò, ó ń wò ó. Ó ní, "Tíṣà, ẹ jọ̀ọ́, ẹ yí sí ẹ̀gbẹ́ díẹ̀. Apá òde ló fà jù."

Ìgbà tó fi rọ́bà táyà wé igi méjèèjì ni nǹkan tó yí padà. Mo ti ṣíìtì bọ̀ ọ́, mo yí i. Omi tó dà jáde, ẹ ò ní gbà pé inú aṣọ kan ló ti wá. Ọkọ mi ò hó yèè. Ó da gárawá dé, ó jókòó lé e, ó ń wo omi náà bó ṣe ń ṣàn lọ.

Ó gba ṣọ́ọ̀bù, ó gba àwọn òṣìṣẹ́, Ẹlẹ́rìn-ín sì ń bá a tà. Èyí tí wọ́n kọ́kọ́ kó jáde, gbogbo wọn ni àwọn tó rà wọ́n gbé padà wá. Inú ń bí àwọn obìnrin. Ọ̀kan ní, "Bàbá, ṣé ẹni tó bá kẹ̀yìn síṣẹ́ lẹ ṣe èyí fún?" Òmíràn ní èjìká òun ti fẹ́ yẹ̀. Ọkọ mi ò mọ ohun tí wọ́n ń sọ. Ó pè mí jáde kí n wá yí i lójú wọn. Mo yí i, ó ń lọ gẹ́rẹ́gẹ́rẹ́.

"Ẹ̀yin náà ẹ wò ó," ó ní. "Kò kúkú ní wàhálà."

Ìyá Ìbejì, alágbàfọ̀ ẹlẹgbẹ́ mi tí ilé wa kángun síra, ló kígbe. "Ọwọ́ wo nìyàwó yín fi ń yí i? Àbí ẹ ò mọ̀ pé ọlọ́wọ́ òsì lẹ fẹ́ ni?"

Ọkọ mi wo ọwọ́ mi bí ẹni tó ṣẹ̀ṣẹ̀ fẹ́ mi. Láti ọjọ́ tó ti ń ṣe ẹ̀rọ, ara mi ló fi ń wọn gbogbo rẹ̀. Bí mo ṣe ga, bí mo ṣe ń dúró, ibi tí ọwọ́ mi ń bọ́ sí. Kò sì fura rí pé kì í ṣe bẹ́ẹ̀ ni gbogbo obìnrin ayé ṣe ń yí nǹkan. Àwọn obìnrin wọ̀nyẹn rẹ́rìn-ín títí tí inú tó ń bí wọn fi rọ̀. Òun náà lu ihò sí apá kejì gbogbo ẹ̀rọ, ó sọ ọwọ́ irin náà di ohun tí a lè yọ kúrò lósì kí a fi sí ọ̀tún. Ohun tó mú ọjà náà tà nìyẹn. Ẹlòmíì ń fi ọ̀tún yí i láàárọ̀, ó ń fi òsì yí i lọ́sàn-án nígbà tó bá rẹ̀ ẹ́.

Ìyá Ìbejì náà ra ọ̀kan. Èmi àti òun jọ ń fọṣọ lọ́jọ́ tí mò ń wí yìí, à ń sọ̀rọ̀ ọkọ àwọn ẹlòmíì, à ń rẹ́rìn-ín. Etí aṣọ wé mọ́ ìka rẹ̀. Ìka àárín ọwọ́ ọ̀tún bá aṣọ wọlé. Mi ò ní ṣàpèjúwe rẹ̀. Ó dákú sórí òkìtì aṣọ, nígbà tó sì fi máa jí ní ọsibítù, wọ́n ti gé ìka náà.

Ọjọ́ yẹn ni Tú-u-wò ti ṣọ́ọ̀bù pa. Ó ń lọ láti ilé dé ilé, ó ń bẹ àwọn tó ti ra ẹ̀rọ pé kí wọ́n jẹ́ kí òun gbé e padà, òun fẹ́ fi nǹkan sí i. Wọ́n rò pé orí rẹ̀ ti yí. Obìnrin kan di ẹsẹ̀ ẹ̀rọ mú níhìn-ín, ọkọ mi di ọwọ́ irin rẹ̀ mú lọ́hùn-ún, wọ́n ń fà á mọ́ ara wọn lọ́wọ́, obìnrin náà ń kígbe olè. "Olè tó tà á fún ọ ni mí!" ni ọkọ mi ń wí. Ẹ ò rí i pé ẹ̀rín wà nínú ọ̀rọ̀ ọkọ mi lóòótọ́? Èmi ò sọ pé kí wọ́n má rẹ́rìn-ín.

Ìdènà ìka tó ń wá, ohun pẹlẹbẹ kan ni níwájú igi méjèèjì, tí aṣọ á gba abẹ́ rẹ̀ kọjá, tí ìka ò ní lè gbà. Èyí tó kọ́kọ́ ṣe ò jẹ́ kí búláńkẹ́ẹ̀tì kọjá. Òmíràn ń dí ihò ọwọ́ ẹ̀rọ lápá kan, àwọn èèyàn á yọ ọ́ dànù. Nígbẹ̀yìn, ó fi páànù ṣe èyí tó pé, ó dè é mọ́ ẹ̀rọ tèmi nílé. Àbùkù kan ṣoṣo tó kù ni pé páànù rọ̀ jù. Irin tó le ju páànù, tí kò sì wúwo, ni ó lọ wá tó fi kú.

Ọ̀rọ̀ fíìmù wá dé. Olùdarí wọn, ọkùnrin oníwà pẹ̀lẹ́ kan, jókòó sí yàrá mi odidi ọ̀sán, ó mu omi mi, ó bi mí léèrè, mo sọ gbogbo èyí tí mo kọ sókè yìí fún un. Ó ń mi orí. Mo rò pé ó ń gbọ́.

Èmi àti Ìyá Ìbejì la jọ lọ wò ó ní gbọ̀ngàn. Ọkùnrin oníkùn bí àgbá ló ṣe ọkọ mi. Ìyàwó rẹ̀ ń ju irinṣẹ́ rẹ̀ gba ojú fèrèsé. Yàrá tí a gbé nígbà náà ò ní fèrèsé! Ibo ni ǹ bá ti rí fèrèsé tí mo fẹ́ ju nǹkan gbà? Ìyàwó náà ń fi ọ̀tún yí ẹ̀rọ. Ọgbọ́n ihò méjì, wọ́n ní ìgbà tí oníkùn já bọ́ láti orí òrùlé ló wọ agbárí rẹ̀.

Ó wá kan ti ìka. Obìnrin inú fíìmù figbe ta, ó ń sá yí àgbàlá ká, ẹ̀rọ so rọ̀ mọ́ ọwọ́ rẹ̀, ajá ń lé e, oníkùn ń lé ajá. Gbọ̀ngàn dàrú fún ẹ̀rín. Ẹni tó wà níwájú wa ń lu itan.

Ìyá Ìbejì ti ki ọwọ́ rẹ̀ bọ abẹ́ apá.

"Ṣé èmi nìyẹn?"

Mo fà á mọ́ra.

"Wọ́n mà fi ẹni tó rẹwà ṣe mí o," ó ní. Ó tún ní, "Níbo ni mo ti rí agbára tí mo fi ń sáré? Mo dákú ni."

Lẹ́yìn ìyẹn, a tún rí oníkùn tó ń ṣí ṣọ́ọ̀bù ńlá. Ó parí. Wọn ò mẹ́nu kan ìdènà. Wọn ò mẹ́nu kan pé ó ti ṣọ́ọ̀bù pa. Wọ́n mú ìka, wọ́n rín in tán, wọ́n kọjá lọ.

Mo bá olùdarí lẹ́nu ọ̀nà.

"Mọ́mì, ẹ̀ ń bínú ni? Ẹ ò rí i bí wọ́n ṣe gbádùn ẹ̀? Àwọn àgbà ló kúkú sọ pé ọ̀rọ̀ tó bá ju ẹkún lọ, ẹ̀rín là ń fi rín."

"Òótọ́ ni. Ẹni tó ni ẹkún ló sì ń rín irú ẹ̀rín yẹn. Ṣé ìwọ lo ni ín?"

"Mọ́mì, eré ni."

"Na ìka àárín rẹ kí n rí i."

Ó ki ọwọ́ bọ àpò.

Bí fíìmù náà ṣe ń tàn kálẹ̀ ni ẹ̀rọ ń tà. Nígbà tí mo dé ṣọ́ọ̀bù, wọ́n ti lẹ àwòrán oníkùn mọ́ ara ẹ̀rọ kọ̀ọ̀kan, níbi tí ìdènà yẹ kó wà gan-an, ó ń rẹ́rìn-ín sí mi.

"Ìyàwó wa, ẹ káàbọ̀, ẹ jókòó," ni Ẹlẹ́rìn-ín wí.

"Mi ò jókòó. Ọkọ mi, ìdènà ńkọ́?"

"Ẹ gbọ́ mi yé. Àwọn tó ń rà á ti rí i nínú fíìmù. Wọn ò rí ìdènà lára ẹ̀. Tí a bá wá fi í sí i báyìí, wọ́n á ní ayédèrú ni. Wọ́n tún lè rò pé ẹ̀rọ náà léwu."

"Ó léwu!"

"Ẹ rọra sọ̀rọ̀, àwọn oníbàárà wà níta."

"Ẹ̀gbọ́n yín ló ṣe ẹ̀rọ yìí, ẹ wá ń gba àṣẹ lẹ́nu oníkùn tó ṣe é nínú eré?"

Ó rẹ́rìn-ín. Kí ló tún mọ̀ ọ́n ṣe?

Mo jáde, mo pe Ìyá Ìbejì, a dúró síwájú ọkọ̀ ẹrù tí wọ́n ti di ẹ̀rọ kún. Dírẹ́bà yọ orí síta. "Ẹ̀yin ìyá, ẹ jọ̀ọ́, ẹ má fi mí ṣe fíìmù o!" Ìyá Ìbejì ò bá a jiyàn. Ó rìn lọ sí ẹ̀gbẹ́ rẹ̀, ó gbé ọwọ́ ọ̀tún lé ojú fèrèsé ọkọ̀. Dírẹ́bà wo ọwọ́ náà, ó pa ẹ́ńjìnnì. Ẹlẹ́rìn-ín sáré jáde, ó ní ká má bínú, ó di ọ̀sẹ̀ tó ń bọ̀, òun á lọ ra irin náà fúnra òun.

Ọ̀sẹ̀ tó ń bọ̀ ti dé, ó ti lọ. Wọ́n ti gba dírẹ́bà mìíràn. Mo lọ sí ìsọ̀ onírin láàárọ̀ àná, wọ́n fi irin tí ọkọ mi yàn hàn mí. Ó ṣì wà níbi tó kó o sí, kò sẹ́ni tó wá a wá. Láti ọjọ́ tó ti kú, gbogbo ẹ̀rọ tó kúrò ní ṣọ́ọ̀bù rẹ̀, ọ̀kankan ò ní ìdènà lára.